Oyin Tí A Fẹ́ Fi Orúkọ Ìlú Wa Tà: Ohun Tí A Rí Nígbà Tí A Lọ Sóko Olóyin

(Ọ̀rọ̀ tí akápò ẹgbẹ́ bá àwọn ọmọ ìlú sọ ní ìpàdé gbogbogbò. A gbé e síbí nítorí àwọn tí kò lè wá.)

   

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ èyí tó le jù níbẹ̀. Oyin tí ẹgbẹ́ wa tà fún yín ní ìparí ọdún tó kọjá, èmi ni mo rà á. Ẹnikẹ́ni kò tì mí sí i. Mo dúró lẹ́bàá títì, mo rí oyin nínú kẹ́ẹ̀gì, mo tọ́ ọ wò, ó dùn. Mo kán an sínú omi, ó rì lọ sísàlẹ̀ láì yọ́. Mo ti orí ìṣáná bọ inú rẹ̀, mo ṣá a, iná ràn. Mo ní ojúlówó nìyí. A rọ ọ́ sínú ìgò, a lẹ orúkọ ìlú wa mọ́ ọn, ẹ sì rà á nítorí pé ẹ gbà wá gbọ́.

Kò pé oṣù kan tí àwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé lórí WhatsApp. Ìgò tẹnì kan ń hó bí ẹmu. Ìdérí tẹlòmíràn ti ru sókè, ó sì ń rùn kíkan. Arábìnrin wa kan ní London kọ̀wé pé òun ti fi tòun ta ọ̀gá òun níbi iṣẹ́ lọ́rẹ, ojú sì tì òun. Mo ka ọ̀rọ̀ yẹn lẹ́ẹ̀mẹta, mi ò mọ èsì tí mo lè fọ̀.

Ìdí nìyẹn tí mo fi bẹ ìgbìmọ̀ pé kí ẹgbẹ́ má ra oyin kankan mọ́ títí a ó fi dé ibi tí oyin ti ń wá. Ní Sátidé ọ̀sẹ̀ tó kọjá, àwa mẹ́rìndínlógún wọ bọ́ọ̀sì, a lọ sóko olóyin kan ní Òkè-Ògùn wa níbí. Kò ju wákàtí kan lọ láti ilé. Ohun tí a rí níbẹ̀ ni mo fẹ́ sọ fún yín, lẹ́yìn náà mo ní ẹ̀bẹ̀ kan.

Obìnrin ló ni oko náà. Màmá Olóyin ni gbogbo ènìyàn ń pè é. A ti rò pé àárọ̀ la ó lọ, ó ní rárá, kí á wá ní aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Ó ní oyin ilẹ̀ wa kì í fẹ́ kí a ṣí ilé òun nígbà tí oòrùn bá mú. Irú oyin tiwa yìí, èyí tí àwọn onímọ̀ ń pè ní Apis mellifera adansonii, ara rẹ̀ gbóná ju ti àwọn òyìnbó lọ. Ó tún ní kí ẹnikẹ́ni má fi lọ́fínńdà sára, kí á má sì wọ aṣọ dúdú. Akọ̀wé wa gbàgbé, ó wọ aṣọ dúdú wá. Inú bọ́ọ̀sì ló ti wo èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tí mo ń sọ yìí.

Ilé oyin mẹ́rìnlélógún ló wà níbẹ̀, lábẹ́ igi kajú àti igi òrí. Oríṣi méjì ni. Èyí àkọ́kọ́ dà bí ọpọ́n tí ẹran fi ń mumi: ẹnu rẹ̀ fẹ̀, ìdí rẹ̀ ṣe tóóró. Wọ́n to igi pẹlẹbẹ sí ẹnu rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ara igi kọ̀ọ̀kan ni oyin máa ń so afárá kan rọ̀ sí. Kẹ́ńyà ni irú ilé yìí ti gbajúmọ̀, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń fi orúkọ orílẹ̀-èdè náà pè é. Ìbú igi kọ̀ọ̀kan jẹ́ mìlímítà 32. Ẹ má fojú kékeré wo ìwọ̀n yẹn o. Ó ní káfíńtà kan ṣe tòun láìwọ̀n ọ́n nígbà kan, ni oyin bá so gbogbo afárá pọ̀ mọ́ra wọn, kò sì sí èyí tó ṣeé yọ láìba ìyókù jẹ́.

Oríṣi kejì jẹ́ àpótí alájà tó ní férémù nínú. Lorenzo Langstroth, pásítọ̀ ará Amẹ́ríkà kan, ló gba ìwé àṣẹ lórí rẹ̀ ní ọdún 1852. Ó dára, ṣùgbọ́n ó wọ́n. Màmá ní ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, ti Kẹ́ńyà ni kó ṣe, káfíńtà àdúgbò lè kàn án.

Gbogbo ẹsẹ̀ àwọn ilé yẹn ló wà nínú agolo tí wọ́n rọ epo ẹ́ńjìnnì àlòkù sí, nítorí èèrà. Kò sì ra oyin kankan sínú wọn. Ó fi ìda oyin pa inú àpótí, ó fi ewé tíì, koríko tó ń ta sánsán yẹn, ra á lára, ó gbé e kalẹ̀, ó ń dúró. Oyin tó bá ń wá ibùgbé á gbóòórùn rẹ̀, wọ́n á wọlé fúnra wọn. Nígbà mìíràn ọ̀sẹ̀ kan ni. Ṣùgbọ́n ó fi méjì hàn wá tó ti ṣófo láti ọdún tó kọjá. Mo fẹ́ kí ẹ fi èyí sọ́kàn nígbà tí mo bá dé orí owó.

A bèèrè bí oyin ṣe ń di oyin. Ó ní omi òdòdó tí àwọn kòkòrò yìí ń fà mu, omi ló pọ̀ jù nínú rẹ̀. Tí wọ́n bá gbé e délé, wọ́n á máa gbé e látẹnu ọ̀kan sẹ́nu èkejì, wọ́n á tẹ́ ẹ sínú ihò afárá, wọ́n á máa fi ìyẹ́ fẹ́ ẹ tọ̀sán tòru títí omi á fi gbẹ nínú rẹ̀. Ìgbà tó bá gbó tán ni wọ́n á fi ìda bo ẹnu ihò náà. Ìlànà tí wọ́n ń lò lágbàáyé sọ pé omi inú oyin kò gbọdọ̀ ju ìdá 20 nínú ọgọ́rùn-ún lọ. Tó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, yóò kan. Nítorí náà, ẹni tó bá gé afárá tí oyin kò tíì bò, oyin tútù ló gé, kódà bí kò bu ṣúgà kankan sí i. Ìgbà yẹn ni ìgò yín tó ń hó yé mi.

Nǹkan mìíràn tó yà mí lẹ́nu ni iye ohun tí kòkòrò kan lè ṣe. Ayaba kan ló máa ń wà nínú ilé kan, ó lè yé ẹyin tó ju ẹgbẹ̀rún kan lọ lóòjọ́ nígbà tí oúnjẹ bá pọ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ inú ilé, obìnrin ni gbogbo wọn. Lásìkò iṣẹ́, òṣìṣẹ́ kan kì í lò ju bí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà lọ láyé, oyin tó sì lè ṣe jọ ní gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ kò lè kún ṣíbí tíì kan. Ìyá kan láàárín wa ní, "Háà! Èmi tí mo máa ń bù ú sínú ògì bí ẹni bu omi!"

Wàyí o, ẹ gbọ́ ti títọ́ oyin wò. Màmá gbé àwo mẹ́ta kalẹ̀, ó fún wa ní ṣíbí àti omi tútù tí a ó fi máa yọ́nu láàárín. Ti àkọ́kọ́ pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́, bíi tíì tí wọn kò fi mílíìkì sí. Ó ní ara ilé tó wà láàárín kajú ló ti gé e. Adùn rẹ̀ tètè dé, ó tètè lọ. Ìkejì dúdú bíi máltà. Ìgbà tí ewé Akíntọ́lá tanná tán, lẹ́yìn tí òjò dá, ló gé ìyẹn. Ó dùn, lẹ́yìn náà ó korò díẹ̀ lọ́nà ọ̀fun, a sì ń tọ́ ọ lá ṣáá. Ẹ wò ó, igbó tí gbogbo wa ń ṣán dànù.

Ìkẹta ló dá wàhálà sílẹ̀. Ó ti dì gbagidi bí òrí, ó sì ń ṣe sàkàsàkà lẹ́nu. Ẹnì kan pariwo pé, "Ṣúgà nìyí! A ti mú wọn!" Màmá rẹ́rìn-ín. Ó gbé ìgò rẹ̀ sínú omi lílọ́wọ́ọ́wọ́, kò gbé e ka iná. A ń sọ̀rọ̀ lọ, ó yọ́ padà, ó ń dán. Ó ní ojúlówó oyin máa ń dì, àwọn kan tètè dì, àwọn kan ń pẹ́. Dídì kì í ṣe ẹ̀rí pé ayédèrú ni.

Ó bá bi mí pé, "Bàbá, báwo lẹ ṣe dán èyí tẹ́ ẹ rà lọ́jọ́sí wò?" Mo sọ fún un. Kò sọ nǹkan kan. Ó wọlé, ó gbé ìgò kan jáde, ó kán an sínú omi. Ó rì láì yọ́. Ó ti orí ìṣáná bọ̀ ọ́, ó ṣá a, iná ràn. Mo ní, "Èyí mà dáa." Ó ní, "Ṣúgà ni, Bàbá. Èmi ni mo sè é lánàá, mo fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i. Tó bá ti ki, gbogbo ohun tẹ́ ẹ ń wá ló máa ṣe." Gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀ ló dákẹ́. Ẹ̀yin ènìyàn mi, mo ti tó ọmọ ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́ta, bẹ́ẹ̀ ni baba mi jẹ́ adégbó-gé-oyin. Èyí tí wọ́n sọ pé èèrà kì í jẹ oyin gidi, irọ́ ni pẹ̀lú. Bí kì í bá ṣe bẹ́ẹ̀, kí ni agolo epo ń ṣe lẹ́sẹ̀ àpótí?

Mo ní, kí wá ni ọ̀nà àbáyọ? Ó mú ẹ̀rọ kékeré kan jáde tó dà bí awò tí wọ́n fi ń wo ọ̀nà jíjìn. Ó kán oyin sí i, a wò ó lójú ìmọ́lẹ̀: omi inú rẹ̀ jẹ́ 18 nínú ọgọ́rùn-ún. Ìyẹn á sọ fún ọ bóyá oyin gbó, ṣùgbọ́n kò lè dá ṣúgà mọ̀. Ilé àyẹ̀wò ló lè ṣe ìyẹn. Ó ní fún àwa tí a kò ní ilé àyẹ̀wò, ká mọ ilé tí wọ́n ti gé e, ká mọ ẹni tó gé e, ká sì mọ ọjọ́ tí wọ́n gé e.

Nígbà tí ilẹ̀ fẹ́ẹ́ ṣú, òun àti ọmọ rẹ̀ wọ aṣọ funfun gbàgẹ̀rẹ̀, wọ́n fi nẹ́ẹ̀tì bojú, wọ́n wọ ìbọ̀wọ́ àti bàtà òjò. Àwa dúró lọ́ọ̀ọ́kán. Wọ́n fín èéfín láti inú agolo kan tí wọ́n so ẹwìrì kékeré mọ́. Tí oyin bá ta ènìyàn, ó máa ń tú òórùn kan jáde tó jọ ti ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó pọ́n, òórùn yẹn ló ń pe àwọn yòókù sí ìjà. Èéfín á bo òórùn náà mọ́lẹ̀, àwọn oyin á sì sáré lọ máa mu oyin wọn sínú, wọ́n á rò pé igbó ń jó. Ọ̀kan ṣì rí alága àwọn ọ̀dọ́ wa ta. Màmá fi èékánná ha oró náà dànù kíá. Ó ní kí ènìyàn má fi falẹ̀, nítorí oró á máa wọlé sí i. Ẹni tí ojú rẹ̀ bá wú tàbí tí kò lè mí dáadáa, ilé ìwòsàn ni o, lójú ẹsẹ̀.

Afárá mẹ́rin ló gé. Ó fi ìyókù sílẹ̀, bẹ́ẹ̀ wọ́n kún. Mo bi í léèrè ìdí. Ó ní, "Bàbá, tiwọn nìyẹn. Tí òjò bá pọ̀, òdòdó á wọ́n. Kí ni wọn ó jẹ?"

Ibẹ̀ ni mo ti rántí baba mi. Ògùsọ̀ ni baba mi fi ń gé oyin. Wọ́n á tan iná sí ihò igi ní òru, oyin á jó, wọ́n á kó afárá, àti ọmọ inú rẹ̀ àti èérú. Ilé kan, ẹ̀ẹ̀kan péré lo máa gé e. Lọ́yẹ́ ọdún kan, iná bọ́ lọ́wọ́ wọn, ó jó oko àti abà aládùúgbò wa. Ọdún méjì gbáko ni baba mi fi san gbèsè yẹn, àwa ọmọ sì lọ ṣiṣẹ́ lóko onílé náà. Àgbà bọ̀, wọ́n ní ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n iná kọ́ ni àáké. Títí dòní, àwọn ọmọ wa kan ṣì ń gbé iná wọ igbó lọ gé oyin lọ́yẹ́. Ẹ mọ̀ wọ́n, èmi náà mọ̀ wọ́n. Oyin tí wọ́n bá gé náà ni à ń bá pàdé lójú títì.

Kò tán síbẹ̀. Oyin inú ìgò nìkan kọ́ là ń jẹ lára kòkòrò yìí. Ẹ̀gúsí tí a ń gbìn, òdòdó rẹ̀ tó jẹ́ akọ yàtọ̀ sí abo. Tí kòkòrò kò bá gbé àtíkè láti ara akọ dé ara abo, kò ní so. Òrí àti kajú náà ń jàǹfààní wọn. Màmá sọ fún wa pé ilé oyin mẹ́fà ló ṣófo lọ́jọ́ kan nítorí pé ẹnì kan fín oògùn kòkòrò sí kajú tó ń tanná, láàárọ̀, nígbà tí oyin wà lórí òdòdó. Ẹni náà kò mọ̀. Kò sí ẹni tó sọ fún un.

Ẹ̀bẹ̀ mi rèé. Ọ̀nà márùn-ún ni.

Èkíní, ẹni tó bá ra oyin ọdún tó kọjá, ẹ fi orúkọ yín ránṣẹ́ sí akọ̀wé. Èmi fúnra mi ni n ó dá owó yín padà, díẹ̀díẹ̀, kì í ṣe àpò ẹgbẹ́. Alága ní kò pọn dandan. Mo ní ó pọn dandan.

Èkejì, kí orúkọ ìlú wa má hàn mọ́ lára ìgò oyin kankan tí a kò bá mọ ilé tí wọ́n ti gé e àti ọjọ́ tí wọ́n gé e.

Ẹ̀kẹta, kí ẹgbẹ́ kan ilé oyin mẹ́wàá, kì í ṣe ọgọ́rùn-ún, kí á sì gbé wọn sí ilẹ̀ tó jìnnà sí ilé àti ilé ẹ̀kọ́, ó kéré tán bíi pápá bọ́ọ̀lù mẹ́ta. Àwọn ọmọ tó ń fi iná gé oyin ni kí á kọ́kọ́ fi síbi ẹ̀kọ́ náà. Wọ́n mọ ìwà oyin jù wá lọ, kìkì pé kò sẹ́ni tó fi ọ̀nà mìíràn hàn wọ́n rí. Màmá ti gbà láti kọ́ wọn. Mi ò ní purọ́ fún yín: nínú mẹ́wàá, àwọn kan lè ṣófo, ó sì ṣeé ṣe kí á má rí oyin tà lọ́dún àkọ́kọ́. Ẹni tó bá ń wá owó kíákíá, kó má dáwó sí i.

Ẹ̀kẹrin, ẹ̀yin olóko, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fín oògùn sí ohun tó ń tanná. Tó bá di dandan, ìrọ̀lẹ́ ni kí ẹ fín in, nígbà tí oyin bá ti wọlé, kí ẹ sì sọ fún olóyin tó bá wà nítòsí.

Ẹ̀karùn-ún kan gbogbo wa, nílé àti lẹ́yìn odi. Níbi ìsọmọlórúkọ, a máa ń fi oyin kan ọmọ ọjọ́ mẹ́jọ lẹ́nu. Àwọn dókítà ti kìlọ̀ pé ọmọ tí kò tíì pé ọdún kan kò gbọ́dọ̀ jẹ oyin rárá, ojúlówó tàbí ayédèrú, nítorí kòkòrò àìfojúrí kan lè wà nínú rẹ̀ tí inú ọmọ kékeré kò lè borí, tó ń sọ ara ọmọ di aláìlágbára, tó sì lè pa á. Ẹ jẹ́ kí bàbá àti ìyá ọmọ tọ́ ọ wò, kí ará ilé tọ́ ọ wò, kí á fi ṣàdúrà fún ọmọ náà. Àdúrà yóò gbà.

Alága yóò pe ìbò lórí ilé mẹ́wàá náà kí á tó túká. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà lẹ́yìn odi, ẹ dìbò tiyín lórí WhatsApp kó tó di ọjọ́ Àìkú. Bẹ́ ẹ bá gbà, bẹ́ ẹ bá kọ̀, n ó fara mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá wálé lọ́dún, kó jẹ́ kí á jọ lọ sóko Màmá Olóyin ná, kó tọ́ oyin wò lẹ́nu ara rẹ̀. Kó má ṣáà wọ aṣọ dúdú.

Ìlú wa yóò dùn o.